Ààbọ̀ Ọ̀rọ̀ Lórí Dùùrù: Àwo Tí Ahmad Jamal Ṣe Ní Pershing

  Ẹ̀yin tí ẹ ń kà á dípò kí ẹ gbọ́ ọ, gbogbo ohun tí mo sọ lórí pọ́díkáàsì ló wà níbí, àfi àwọn orin tí mo fi sí àárín ọ̀rọ̀. Ẹ lè wá ìyẹn gbọ́ fúnra yín, màá sì sọ bí ẹ ṣe lè gbọ́ ọ kí n tó dákẹ́.

Àwo orin kan ṣoṣo la fẹ́ gbé yẹ̀ wò lónìí. Orúkọ rẹ̀ ni At the Pershing: But Not for Me. Ahmad Jamal tó ń tẹ dùùrù, èyí tí ọ̀pọ̀ nínú wa ń pè ní píánò, ló ni àwo náà. Àwọn méjì tó bá a ṣe é ni Israel Crosby tó ń ta béèsì, àti Vernel Fournier tó ń lu ìlù. Ọjọ́ 16, oṣù Kìíní, ọdún 1958 ni wọ́n gba ohùn wọn sílẹ̀ ní gbọ̀ngàn ìgbafẹ́ inú òtẹ́ẹ̀lì Pershing, ní apá gúúsù ìlú Chicago, ní Amẹ́ríkà. Ilé iṣẹ́ Argo, tó wà lábẹ́ ilé iṣẹ́ Chess, ló gbé e jáde. Orin mẹ́jọ péré ló wà nínú rẹ̀.

Ohun tó jẹ́ kí n mú àwo yìí ni pé àwọn èèyàn ń rà á, àwọn alámèyítọ́ ń bú u. Ó lé ní 100 ọ̀sẹ̀, ìyẹn bí ọdún méjì, tí àwo náà fi wà lára àwọn tó ń tà jù lọ nínú ìwé ìròyìn Billboard. Ẹ rántí pé kò sí akọrin kankan níbẹ̀ o. Kò sí fèrè, kò sí gìtá. Dùùrù, béèsì, ìlù, ó parí. Títà tí irú àwo bẹ́ẹ̀ tà tó báyìí kì í ṣe ohun ojoojúmọ́. Ṣùgbọ́n nígbà kan náà, àwọn tó ń kọ̀wé nípa jazz ń fi í ṣẹ̀sín. Wọ́n ní orin ilé ọtí ni, irú èyí tó máa ń lọ wẹ́rẹ́wẹ́rẹ́ lẹ́yìn nígbà tí àwọn èèyàn bá ń mutí, tí wọ́n ń tàkúrọ̀sọ. Martin Williams, ọ̀kan lára àwọn alámèyítọ́ tí wọ́n bọ̀wọ̀ fún jù nígbà náà, kọ ọ́ pé kì í ṣe dùùrù gan-an ni ohun èlò tí Jamal ń lò, àwọn olùgbọ́ rẹ̀ ni. Èébú ló fi ṣe. Ẹ fi ọ̀rọ̀ yẹn sọ́kàn, a ó padà sí i.

Kí ni wọ́n ń bá a jà lé lórí? Ìdákẹ́jẹ́ ni.

Jamal kì í tẹ dùùrù bí ẹni tí wọ́n ń lé. Á tẹ ohùn mẹ́ta mẹ́rin, á gbọ́wọ́ sókè, béèsì àti ìlù á máa lọ. Ẹ ó ti máa rò pé ó ti gbàgbé ibi tó bá orin dé. Á tún yọ lójijì, á tẹ ohùn kan ṣoṣo lókè lọ́hùn-ún, bí ẹni fi ìka kan kan ilẹ̀kùn, á tún dákẹ́. Nígbà mìíràn, á fọwọ́ méjèèjì tẹ dùùrù gbàà, kí ẹ tó mira, ó ti padà sí jẹ́jẹ́.

Ẹ wá wo irú àkókò tó ń ṣe èyí. Láti ìgbà tí Charlie Parker àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ti yí jazz padà, eré sísá ti di ohun tí wọ́n fi ń mọ akọni. Lọ́dún 1958 yẹn kan náà ni alámèyítọ́ Ira Gitler ń wá orúkọ tó máa fún ohun tí John Coltrane ń fi fèrè rẹ̀ ṣe. Ó fi í wé aṣọ fífẹ̀ tó ń tú jáde láìdáwọ́ dúró, nítorí ohùn náà ti pọ̀ ju ohun tí etí lè kà lọ. Ní ti dùùrù, Oscar Peterson wà níbẹ̀ tí ìka rẹ̀ ń sáré bí òjò orí páànù. Ẹni tó bá dákẹ́ láàárín irú àwọn bẹ́ẹ̀, wọ́n á ní iṣẹ́ ni kò mọ̀.

Jamal sì mọ iṣẹ́. Ọmọ Pittsburgh ni, ọdún 1930 ni wọ́n bí i, ọmọ ọdún mẹ́ta ló sì ti bẹ̀rẹ̀ sí í tẹ dùùrù. Ẹ gbọ́ Surrey with the Fringe on Top nínú àwo yìí, ẹ ó rí i pé ọwọ́ rẹ̀ lè fò nígbà tó bá wù ú. Ó kàn jẹ́ pé kì í fìgbà gbogbo wù ú ni. Àwọn èèyàn a máa yìn ín pé ó mọ àyè í fi sílẹ̀ nínú orin. Òun fúnra rẹ̀ kò fẹ́ràn ọ̀rọ̀ yẹn. Ó ní ìkóra-ẹni-níjàánu ni kí wọ́n máa pè é.

Àwọn àgbà wa ní ààbọ̀ ọ̀rọ̀ là á sọ fún ọmọlúàbí, tó bá dénú rẹ̀, á di odindi. A máa ń sọ ọ́ lásán, ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ ká tú u wò. Kí ààbọ̀ tó lè di odindi nínú ẹnì kan, ẹni náà gbọ́dọ̀ ti ní nǹkan kan nínú tẹ́lẹ̀. Bí n kò bá mọ ohun tí ìwọ mọ̀, tí o sọ ààbọ̀ fún mi, ààbọ̀ náà ló máa kù sí mi lọ́wọ́.

Ẹ wá wo àwọn orin tí Jamal yàn. But Not for Me jẹ́ orin eré ìtàgé tí George àti Ira Gershwin ṣe lọ́dún 1930. Surrey wá látinú eré Oklahoma! ti ọdún 1943. Music! Music! Music! ni orin tí Teresa Brewer fi lókìkí lọ́dún 1950, tí ọmọdé àti àgbà ń kọ lójú pópó. Kò sí ẹni tó jókòó ní Pershing lálẹ́ ọjọ́ yẹn tí kò mọ̀ wọ́n. Nítorí náà, tí Jamal bá tẹ ìlà orin kan dé ìdajì tó sì dúró, orin náà kò dúró. Inú olùgbọ́ ló ti ń lọ. Bó ṣe ń rí fún wa náà nìyẹn tí onídùndún bá bẹ̀rẹ̀ òwe: ohùn òkè, ohùn àárín àti ohùn ìsàlẹ̀ nìkan ni ìlù ń gbé jáde, àwa la ń fi ọ̀rọ̀ sí i.

Ìdí nìyí tí mo fi ní kí ẹ fi ọ̀rọ̀ Martin Williams sọ́kàn. Tèmi ni pé òótọ́ ló sọ. Àwọn olùgbọ́ ni Jamal ń lò. Ohun tí kò yé e ni pé iṣẹ́ ńlá nìyẹn. Kí èèyàn mọ ibi tó yẹ kóun dákẹ́ dé, kí ẹlòmíràn lè parí gbólóhùn náà, kí ó má sì sọnù, ó le ju kí èèyàn sọ gbogbo rẹ̀ tán lọ.

Ṣùgbọ́n tí ìdákẹ́jẹ́ bá jẹ́ ti ẹnì kan ṣoṣo, ihò lásán ni. Ohun tí Jamal ń fi àyè sílẹ̀ fún ni àwọn méjì tó kù. Nígbà tó kọ́kọ́ dá ẹgbẹ́ tirẹ̀ sílẹ̀, kò sí onílù níbẹ̀ rárá. Gìtá Ray Crawford ló wà níbẹ̀, Crawford a sì máa gbá a lọ́nà tó fi ń dún bí ìlù kékeré. Ìgbà tó yá ni ìlù wọlé. Vernel Fournier tó wá yìí, ọmọ New Orleans ni, ìlú tí ìlù ti ń tẹ̀ lé ìgbéyàwó àti ìsìnkú káàkiri ìgboro.

Iṣẹ́ tó ṣe nínú orin Poinciana ni ọ̀pọ̀ èèyàn fi mọ àwo yìí títí dòní. Poinciana ti wà tipẹ́. Nat Simon àti Buddy Bernier ló ṣe é lọ́dún 1936, wọ́n sì gbé e karí orin àwọn ará Kúbà kan nípa igi. Àwọn olórin mìíràn a máa ṣe é bí orin ìfẹ́ tó rọra ń sùn. Fournier mú ọ̀pá ìlù sí ọwọ́ kan, ó mú èyí tí wọ́n fi aṣọ wé lórí sí ọwọ́ kejì, ó ń fẹsẹ̀ pa àwo idẹ méjèèjì pọ̀ níṣàlẹ̀. Ẹ ó búra pé onílù méjì ló jókòó síbẹ̀. Crosby mú ohùn béèsì díẹ̀ kan, ó ń tún un ta, ó ń tún un ta, kò kánjú, kò sì rẹ̀ ẹ́. Jamal wá ń rìn lórí rẹ̀, ó ń wọlé, ó ń jáde. Ìṣẹ́jú mẹ́jọ lé díẹ̀ ni, síbẹ̀ kò gùn.

Ẹ má sì fojú kéré Crosby. Ọmọ ọdún mẹ́rìndínlógún ló wà nígbà tó bá Gene Krupa gba orin sílẹ̀ lọ́dún 1935, orin náà gan-an sì ń jẹ́ orúkọ rẹ̀: Blues of Israel. Ẹni tó ti tó bẹ́ẹ̀ láti ìgbà èwe, tó wá jókòó tó ń ta ohùn díẹ̀ kan náà fún ìṣẹ́jú mẹ́jọ nítorí pé ohun tí orin fẹ́ nìyẹn, àgbà ni.

Ẹnì kan wà tí ìdákẹ́jẹ́ Jamal yé kí àwọn èèyàn tó máa tò ra àwo yìí. Miles Davis ni. Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin, Dorothy, ló kọ́kọ́ ní kó lọ gbọ́ ọ ní Chicago. Láti ìgbà náà, Miles kò fi bò. Ó ń sọ fún Red Garland tó ń tẹ dùùrù fún un pé kó máa ṣe bíi ti Jamal. Lọ́dún 1956, wọ́n gba Ahmad's Blues sílẹ̀, orin tí Jamal ṣe. Lọ́dún 1957, Miles àti Gil Evans mú New Rhumba, orin Jamal náà ni, wọ́n fún odindi ẹgbẹ́ olórin ńlá ṣe nínú àwo Miles Ahead.

Ohun tó pa mí lẹ́rìn-ín níbẹ̀ nìyí. Àwọn alámèyítọ́ ń yin Miles pé ó mọ ibi tó yẹ kéèyàn ti dákẹ́. Tó bá di ti ẹni tí Miles ti kọ́ ọ, wọ́n ní kò ní nǹkan í sọ ni. Ẹ̀kọ́ kan náà, ìdájọ́ méjì.

Àmọ́ ẹ jẹ́ ká fún wọn ní ẹ̀tọ́ wọn. Kì í ṣe pé wọn kò ní etí. Ohun tí wọ́n ń wá nínú jazz ni ewu: kí olórin dá nǹkan sílẹ̀ lójú ẹsẹ̀, kó bọ́ sínú igbó, kí a máa wò ó bóyá á rí ọ̀nà jáde. Wọ́n gbọ́ Jamal, wọ́n rí i pé ọ̀pọ̀ nínú rẹ̀ ni wọ́n ti tò sílẹ̀ tẹ́lẹ̀, pé ibi tí ìlù máa ti dúró, ibi tí béèsì máa ti wọlé, gbogbo rẹ̀ ti di mímọ̀ láàárín àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta. Òótọ́ ni. Tí ẹ bá sì bi mí, Music! Music! Music! jẹ́ àwàdà tí n kò lè gbọ́ lójoojúmọ́. Ibi tí mo ti yapa sí wọn ni pé wọ́n rò pé orí àtòsílẹ̀ ni ọ̀rọ̀ parí sí. Ilé tí wọ́n kọ́ dáadáa kì í sọ pé kí ẹni tó wà nínú rẹ̀ má jó.

Ohun kejì tó da wọ́n láàmú ni títà tí àwo náà ń tà. Àṣà yìí kò tíì kúrò láyé. Tí ohun kan bá tètè wọ gbogbo èèyàn létí, àwọn tó mọ̀wé á bẹ̀rẹ̀ sí í fura sí i. Wọ́n á ní bó bá jinlẹ̀ ni, ṣé ó lè yé ìyá aláṣọ àti awakọ̀ bọ́ọ̀sì? Pershing yìí, àárín àwọn aláwọ̀ dúdú Chicago ló wà. Àwọn tó ń wá síbẹ̀ lálaalẹ́ ti gbọ́ olórin tó pọ̀, wọ́n mọ ẹni tó mọ̀ ọ́n ṣe. Nígbà tí wọ́n dákẹ́ tí Jamal dákẹ́, tí wọ́n pàtẹ́wọ́ níbi tó yẹ, alámèyítọ́ ni àwọn náà ń ṣe. Wọn kò kàn kọ ọ́ sínú ìwé ìròyìn ni.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ jẹ́ kí n sọ ìdí tí ọ̀rọ̀ yìí fi dùn mí. Ohùn ni iṣẹ́ mi. Mo ń gba ohùn sílẹ̀, mo ń gé e, mo ń tò ó. Lórí kọ̀ǹpútà tí a fi ń ṣiṣẹ́, bọ́tìnnì kan wà tó jẹ́ pé tí o bá tẹ̀ ẹ́, á wá gbogbo ibi tí ẹnikẹ́ni ti dákẹ́, á gé e dànù. Ìṣẹ́jú ogójì á di mẹ́rìndínlọ́gbọ̀n. Gbogbo èèyàn á wá máa sọ̀rọ̀ bí ẹni pé wọn kì í mí.

Nígbà kan, mo ṣe iṣẹ́ fún ilé iṣẹ́ kan tí n kò ní dárúkọ. A fi ọ̀rọ̀ wá màmá àgbà kan lẹ́nu wò nípa ọkọ rẹ̀ tó ti kú. Mo bi wọ́n pé, "Ẹ̀yin mà, kí lẹ máa ń rántí jù nípa bàbá?" Màmá dákẹ́. Mo wo aago lẹ́yìn náà, ìṣẹ́jú àáyá mọ́kànlá ni. Ẹ ń gbọ́ agogo ara ògiri, ẹ ń gbọ́ ẹnì kan tó ń gúnyán lọ́ọ̀ọ́kán. Wọ́n wá ní, "Ìrìn ẹsẹ̀ wọn ni." Mo fi ìdákẹ́jẹ́ yẹn sílẹ̀ bó ṣe wà, mo fi iṣẹ́ ránṣẹ́. Wọ́n gé e lọ́hùn-ún kí wọ́n tó gbé e sáfẹ́fẹ́, wọ́n ní àwọn olùgbọ́ á rò pé rédíò ti bàjẹ́. Ohun tí ará ìlú wá gbọ́ ni ìbéèrè àti èsì tó tẹ̀ lé e lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀, bí ẹni tí wọ́n bi ní iye tó ń ta ata. Ọ̀rọ̀ màmá pé. Ohun tó wà nínú ọ̀rọ̀ náà ni wọ́n gbé jù nù.

Àwọn tó gé e kì í ṣe ènìyàn burúkú. Ohun tí wọ́n gbà gbọ́ náà ni àwọn alámèyítọ́ ọdún 1958 gbà gbọ́: pé ibi tí kò bá sí ohùn, kò sí nǹkan kan níbẹ̀.

Jamal fúnra rẹ̀ mọ gígé o. Orin 43 ni wọ́n gbà sílẹ̀ ní Pershing. Mẹ́jọ ló yàn. Ẹ fojú inú wo 35 tó kù tí ẹ máa gbé jù sílẹ̀, kí ẹ lè ní àwo tí kò tó ogójì ìṣẹ́jú. Ẹni tó mọ ohun tó yẹ ní gígé ló lè mọ ohun tí kò yẹ kí wọ́n gé.

Kí ló wá ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn náà? Owó wọlé. Lọ́dún 1959, Jamal ṣí ilé ìjẹun àti ibi ìgbafẹ́ tirẹ̀ ní Chicago, ó pè é ní Alhambra. Mùsùlùmí ni, kò ta ọtí níbẹ̀. Ẹni tí wọ́n ní orin ilé ọtí ló ń ṣe ló kọ́lé tí kò ní ọtí! Ilé náà kò pẹ́ tó fi tì. Lọ́dún 1962, ẹgbẹ́ náà tú ká. Crosby àti Fournier lọ bá George Shearing ṣiṣẹ́. Crosby sì kú ní oṣù Kẹjọ ọdún náà. Jamal pa dùùrù tì fún ìgbà díẹ̀, ó kó lọ sí New York, kó tó tún bẹ̀rẹ̀.

Ìran mìíràn ló wá gbà á mọ́ra. Àwọn ọmọ hip-hop tí wọ́n ń wá àwo àtijọ́ kiri rí àwọn àwo tó ṣe ní àwọn ọdún 1970. Pete Rock gé díẹ̀ nínú I Love Music, tó wà nínú àwo The Awakening, ó fi ṣe The World Is Yours fún Nas lọ́dún 1994. De La Soul mú Swahililand, wọ́n fi ṣe Stakes Is High lọ́dún 1996. Ẹ bi mí pé kí ló dé tó jẹ́ Jamal ni wọ́n ń mú. Mo rò pé mo mọ̀ ọ́n. Orin tó kún fọ́fọ́ kò ní ibi tí èèyàn máa ti sọ̀rọ̀. Orin Jamal ní àga òfìfo kan nígbà gbogbo, àwọn ọmọ náà sì wá jókòó sórí rẹ̀.

Àwọn alámèyítọ́ náà yí padà díẹ̀díẹ̀. Stanley Crouch kọ ọ́ nígbà tó yá pé lẹ́yìn Charlie Parker, kò sí ẹnì kan tó kópa nínú dídá ọ̀nà tuntun sílẹ̀ fún jazz ju Jamal lọ. Ní 1994, Amẹ́ríkà fún un ní oyè Jazz Master. Ní 2017, wọ́n fún un ní Grammy ti iṣẹ́ gbogbo ọjọ́ ayé. Ọjọ́ 16, oṣù Kẹrin, ọdún 2023 ló dolóògbé, lẹ́ni ọdún 92.

Òwe kan wà tí gbogbo wa mọ̀: ẹni bá dákẹ́, tara rẹ̀ á bá a dákẹ́. Òótọ́ ni lọ́jà, òótọ́ ni ní kóòtù. Ṣùgbọ́n ìdákẹ́ ẹni tí kò rí ọ̀rọ̀ sọ yàtọ̀ sí ìdákẹ́ ẹni tó ń fún ọ láyè. Ẹ̀yin tí ẹ ń ṣe fídíò, ẹ̀yin tí ẹ ń kọrin, ẹ̀yin olùkọ́, ẹ̀yin tí ẹ ń wàásù, ẹ jọ̀ọ́, ẹ kọ́ bí ẹ ṣe lè mọ ìyàtọ̀ méjèèjì kí ẹ tó tẹ bọ́tìnnì yẹn.

Bí ẹ ṣe lè gbọ́ àwo náà rèé. Ẹ wá Poinciana, ẹ gbọ́ ọ lẹ́ẹ̀mẹta. Ní àkọ́kọ́, ẹ tẹ̀ lé dùùrù. Ní ẹ̀ẹ̀kejì, ẹ gbàgbé dùùrù, ẹ tẹ̀ lé béèsì Crosby nìkan láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin. Ní ẹ̀ẹ̀kẹta, ẹ tẹ̀ lé ọwọ́ Fournier. Lẹ́yìn náà, ẹ kọ̀wé sí mi pé ibo lẹ ti rò pé Jamal máa tẹ nǹkan kan, tí kò sì tẹ̀ ẹ́, àti kí lẹ gbọ́ níbẹ̀. Màá ka díẹ̀ nínú rẹ̀ lórí ètò tó ń bọ̀.